Ọjọ́ Tí Titus Mú Mr. Wendell Lọ Wo Ọgbà Àwọn Ará Japan

Ẹ má tètè bá Titus Akínbọ̀dé wí. Ẹni tí kò sí níbẹ̀ ló máa ń sọ pé òun ì bá ti mọ̀. Ọkùnrin òyìnbó tó jókòó tì í nínú van lọ́jọ́ Friday náà ti pinnu pé òun kò ní rí òwúrọ̀ Saturday, gbogbo ìṣe rẹ̀ láti aago mẹ́jọ àárọ̀ ló sì ń sọ bẹ́ẹ̀. Titus rí gbogbo rẹ̀. Ojú rẹ̀ kò fọ́, etí rẹ̀ kò di. Àdúrà ló gbà á lọ́kàn, ẹni tó bá sì ń wójú ìdáhùn àdúrà, kò sí ohun tí kì í jọ ìdáhùn lójú rẹ̀.

Ọmọ Ìkàrẹ́ ni Titus, engineer gidi sì ni, kì í ṣe engineer ẹnu lásán. Ọdún mẹ́sàn-án ló fi ṣiṣẹ́ ní Warri kó tó kó ìyàwó àti ọmọ wá sí Calgary ní 2011. Iṣẹ́ páìpù epo ló mọ̀. Wọ́n á fi páìpù hàn án, ìta rẹ̀ á máa dán, òun á sì sọ pé ìpẹtà ti ń jẹ ẹ́ nínú, pé kò ní pẹ́ bẹ́. Ó mọ iṣẹ́ náà débi pé kò ju ọdún méjì lọ tí wọ́n fi ra ilé ní Redstone, ilé tuntun tí òórùn ọ̀dà ṣì wà lára ògiri rẹ̀.

Ìgbà tó di 2015, owó epo já wálẹ̀. Ní oṣù kẹta, wọ́n pe àwọn mẹ́rìndínlógún sínú yàrá ìpàdé kan, kò tó ìṣẹ́jú mẹ́wàá tí wọ́n fi sọ̀rọ̀. Síkiọ́rítì kan dúró tì Titus bó ṣe ń kó kọ́ọ̀bù rẹ̀ àti fọ́tò ọmọ rẹ̀ sínú páálí, àfi bíi pé ó fẹ́ jí tábìlì gbé. Ọ̀gá tó lé wọn náà, ọ̀sẹ̀ méjì lẹ́yìn ìgbà yẹn ni wọ́n lé òun alára. Titus fi ilé Redstone háyà fún àwọn ẹlòmíì, òun àti ìyàwó rẹ̀, Adébísí, pẹ̀lú Ọpẹ́ ọmọ wọn, wọ́n kó lọ sínú basement kan ní Abbeydale. Nurse ni Adébísí, ní ward àwọn tí ọkàn wọn dàrú. Iṣẹ́ rẹ̀ ló ń gbé wọn ró. Titus ń fi ìwé wá iṣẹ́ kiri, ìwé ń lọ, èsì kì í bọ̀.

Ibi tó ti ń wá iṣẹ́ awakọ̀ ló ti pàdé Mrs. Nakama. Ìyá arúgbó ni, ọmọ Japan tí wọ́n bí sí gúúsù Alberta. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, ìjọba kó àwọn ará Japan kúrò létí òkun, wọ́n kó bàbá rẹ̀ wá síbẹ̀ láti wá máa ro oko sugar beet, irè tí wọ́n fi ń ṣe ṣúgà. Mrs. Nakama sọ ìtàn yẹn di òwò. Ẹni tó bá fẹ́, òun nìkan tàbí pẹ̀lú ìdílé rẹ̀, wọ́n á fi van gbé e láti Calgary lọ sí gúúsù fún odindi ọjọ́ kan, wọ́n á mú un wọ tẹ́ḿpìlì Búdà méjì, wọ́n á sì mú un rin ọgbà àwọn ará Japan tó wà ní Lethbridge, wọ́n á máa ṣàlàyé fún un. Orúnkún ló dá ìyá náà dúró. Ó kó ìwé ogójì ojú ewé fún Titus, Titus há gbogbo rẹ̀ sórí bí ẹni fẹ́ wọ exam. Láàárín oṣù mẹ́ta, ó ti mọ ìdí tí wọ́n fi ń fi ráàkì ya òkúta wẹ́wẹ́ bí ìgbì omi, ó mọ orúkọ igi, ó mọ ìdí tí afárá inú ọgbà kì í fi í tọ́ gbọọrọ.

Àwọn ará ìjọ fi í ṣe yẹ̀yẹ́. "Bọ̀dá Titus, ẹ ti di wòlíì Búdà!" Ó lọ bá pásítọ̀, pásítọ̀ ní kó máa lọ, iṣẹ́ niṣẹ́ ń jẹ́, kó ṣáà má tẹrí ba. Nítorí náà, nígbàkígbà tó bá dé ẹnu ọ̀nà tẹ́ḿpìlì, á bọ́ bàtà, á sọ "Ẹ̀jẹ̀ Jésù" lábẹ́ ahọ́n, á dúró sí ìdí ilẹ̀kùn, ibẹ̀ ni á ti máa nawọ́ sí nǹkan bí ọlọ́pàá tó ń darí mọ́tò. Kì í kọjá ibi tí kápẹ́ẹ̀tì ti bẹ̀rẹ̀.

Ní oṣù September, wọ́n ṣe àdúrà ọlọ́jọ́ mẹ́ta nínú gbọ̀ngàn tí ìjọ háyà ní Forest Lawn. Lọ́jọ́ kẹta, pásítọ̀ ní, "Ẹnì kan wà níbí. Ẹni tí o kò mọ̀ rí máa fi kọ́kọ́rọ́ lé ọ lọ́wọ́ kí October tó parí." Àmín tí Titus ṣe, ohùn rẹ̀ há fún ọjọ́ mẹ́rin.

Nǹkan kan tún wà tó yẹ kí ẹ mọ̀ nípa rẹ̀. Titus kì í fẹ́ gbọ́ ikú sétí. Ìgbà tí ìyá rẹ̀ kú ní Ìkàrẹ́ ní 2013, ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko ni àwọn ẹ̀gbọ́n rẹ̀ fi ń sọ fún un lórí fóònù pé ara Màmá kò fi bẹ́ẹ̀ le. Wọ́n ti sin ín kí wọ́n tó là á yé e. Wọ́n ní àwọn kò fẹ́ kó gbọ́ ọ lójijì lójú ọ̀nà jíjìn. Láti ìgbà náà, bí ẹnikẹ́ni bá ti dárúkọ ikú, kódà nínú eré, "God forbid" á ti fò jáde lẹ́nu rẹ̀ kí onítọ̀hún tó sọ̀rọ̀ tán. Ọpẹ́ tó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ní lọ́jọ́ kan, "Daddy, this cold will kill me."

"Ẹnu ẹ! God forbid!"

"It's just an expression, Daddy."

"Má sọ ọ́ mọ́ nínú ilé yìí."

Ó wá di Friday tó ṣáájú Thanksgiving, èyí tí wọ́n máa ń ṣe nínú October ní Canada, ọ̀sẹ̀ tí wọ́n máa ti ọgbà náà pa nítorí snow tó ń bọ̀. Ẹnì kan ṣoṣo ló gba gbogbo ọjọ́ náà fún ara rẹ̀. Ó lé díẹ̀ lẹ́ni ọgọ́ta ọdún, ilé rẹ̀ wà ní apá gúúsù Calgary níbi tí àwọn ilé ti ní garage mẹ́ta mẹ́ta. Ó ti fá irùngbọ̀n rẹ̀ mọ́ tónítóní, ó so táì, bàtà rẹ̀ ń dán. Titus rò ó pé ènìyàn kì í múra báyìí lọ wo òdòdó. Ọkùnrin náà ní kó máa pe òun ní Wendell. Kí ni? Ẹni tó lè bí i lọ́mọ? "Mr. Wendell," ni Titus ń pè é títí dópin. Èdè òyìnbó ni wọ́n jọ ń sọ, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká sọ ọ́ lédè tiwa.

Mr. Wendell kò jókòó sẹ́yìn bí àwọn oníbàárà yòókù. Iwájú ló jókòó sí. Kí wọ́n tó jáde nílùú, ó ti sọ̀rọ̀ ara rẹ̀ fún Titus. Ọgbọ̀n ọdún ló fi ní ilé iṣẹ́ tó ń tún ẹ̀rọ ìwalẹ̀ epo ṣe. Ní August, ó tì í pa. Ogójì ènìyàn ló fi ẹnu ara rẹ̀ lé, ọ̀kọ̀ọ̀kan, ó sì mọ orúkọ ọmọ wọn. Carol, ìyàwó rẹ̀, ti kú láti ọdún méjì. Àwọn méjèèjì ló fẹ́ lọ sí Kyoto ní Japan tó bá fẹ̀yìn tì, kí wọ́n lọ wo tẹ́ḿpìlì àti ọgbà.

"Kyoto kò ṣẹlẹ̀ mọ́," ló wí. "Mo ní kí n ṣáà wo èyí tó wà nítòsí."

"Ẹ ṣì máa lọ, sir. In Jesus' name, ẹ ṣì máa dé bẹ̀."

Mr. Wendell wo ojú fèrèsé.

Wọ́n yà ra epo lójú ọ̀nà. Atẹ́gùn gúúsù Alberta kì í ṣe ohun tí wọ́n ń sọ fún ènìyàn, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ já ilẹ̀kùn van lọ́wọ́ Titus. Nígbà tó padà wọlé, Mr. Wendell ti bọ́ jákẹ́ẹ̀tì rẹ̀, jákẹ́ẹ̀tì olówó ńlá tó nípọn, ó gbé e lé Titus lẹ́sẹ̀. "Máa wọ̀ ọ́. Winter ń bọ̀. Ìwọ lo máa nílò rẹ̀."

Titus kọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀kan, bó ṣe yẹ kí ọmọlúàbí ṣe. Lẹ́ẹ̀kejì, ó gbà á pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì. Irun ajá wà lára rẹ̀, ó bèèrè ajá náà.

"Mo ti fún aládùúgbò mi láná. Ọdún mọ́kànlá la jọ wà."

"Ah. Ẹ pẹ̀lẹ́, sir." Titus wọ jákẹ́ẹ̀tì náà. Ó bá a mu gẹ́lẹ́. Inú rẹ̀ dùn, kí a má purọ́.

Lójú ọ̀nà, àwọn ọkọ̀ ńlá tó kó sugar beet ń kọjá lọ, wọ́n ń tú ẹrẹ̀ sílẹ̀. Nígbà tí wọ́n dé tẹ́ḿpìlì àkọ́kọ́, nínú ìlú kékeré kan tí kò jìnnà sí Lethbridge, kò sí ẹlòmíì níbẹ̀. Titus bọ́ bàtà, ó sọ ẹ̀jẹ̀ Jésù rẹ̀, ó dúró sí ìdí ilẹ̀kùn. Mr. Wendell lọ jókòó sí iwájú pátápátá. Tùràrí ń rú díẹ̀díẹ̀. Níbẹ̀ ni àyà Titus ti kọ́kọ́ já. Kò mọ ohun tó já a. Jìnnìjìnnì bò ó.

Ẹ gbọ́ ohun tí ọ̀rẹ́ wa ṣe. Ó gbà pé ẹ̀mí inú tẹ́ḿpìlì ló ń bá òun jà. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í dè é. "Mo dè ọ́, mo dè ọ́," lábẹ́ ahọ́n, ojú rẹ̀ lórí ère Búdà, nígbà tó jẹ́ pé ẹni tó yẹ kó wò jókòó níwájú ère, ó kẹ́yìn sí i, èjìká rẹ̀ ń gbọ̀n.

"Tí ènìyàn bá kú," Mr. Wendell bèèrè láìyíjú padà, "ọjọ́ mélòó ni wọ́n fi ń gbàdúrà fún un níbí?"

Ìyẹn wà nínú ìwé Mrs. Nakama. "Ọjọ́ mọ́kàndínláàádọ́ta, sir. Ọjọ́ méje méje lọ́nà méje."

"Tí kò bá ní ẹnikẹ́ni tó máa bá a ṣe é ńkọ́? Bí èmi báyìí, tí mo bá..."

"God forbid, sir!" Ó ti fò jáde. "It is not your portion. Ẹ máa pẹ́ láyé, ẹ máa gbó, ẹ máa tọ́."

Mr. Wendell yíjú padà wò ó. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó dìde, ó ní kí wọ́n máa lọ.

Ní tẹ́ḿpìlì kejì, kò tiẹ̀ wọlé. Ó dúró síta, ó ń wo orúkọ àwọn òkú lára òkúta kan. Titus dúró lọ́ọ̀ọ́kán, jìnnìjìnnì náà kò kúrò lára rẹ̀, ó sì ń ṣe é ní kàyéfì pé ẹ̀mí tí òun fi sílẹ̀ nínú tẹ́ḿpìlì ti bá àwọn jáde. Ó tún dè é.

Nínú ọgbà, nǹkan rọlẹ̀ díẹ̀. Ewé ti pọ́n, ó ń jábọ́ sójú omi. Bàbá kan ń fi ráàkì ya òkúta wẹ́wẹ́, Titus ṣàlàyé rẹ̀, ó ṣàlàyé afárá, ó ní wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ ya ọ̀nà kọ́lọkọ̀lọ ni, kí ènìyàn má lè rí gbogbo ọgbà lẹ́ẹ̀kan. Mr. Wendell ń gbọ́ ọ dáadáa. Wọ́n dé ibi agogo ńlá tí wọ́n so igi mọ́. Àlejò lè lù ú. Mr. Wendell fa igi náà sẹ́yìn, ó gbá agogo lẹ́ẹ̀kan, ó sì gbé ọwọ́ lé ara agogo náà. Ó dúró bẹ́ẹ̀ títí ohùn náà fi tán pátápátá. Kò yọwọ́.

"Titus."

"Sir."

"Ǹjẹ́ ó ti rẹ̀ ọ́ rí? Àárẹ̀ tí oorun kò lè mú lọ. Tí o kàn fẹ́ kí gbogbo ẹ̀ dáwọ́ dúró."

Ẹ wò ó, ilẹ̀kùn ló ṣí sílẹ̀ gbayawu yẹn. Bó bá jẹ́ pé Titus sọ òótọ́, tó ní "Ó ti rẹ̀ mí rí, sir. Láti March ni mo ti ń jókòó sínú bathroom láàárọ̀ kí ìyàwó mi má baà rí ojú mi," bóyá ọkùnrin náà ì bá jókòó. Ṣùgbọ́n ṣé ẹni tó ń retí kọ́kọ́rọ́ lè gbà pé ó rẹ òun? Ìjẹ́wọ́ òdì nìyẹn, wọ́n sì ti kọ́ ọ pé kò gbọdọ̀ jẹ́wọ́ òdì.

"It is well, sir!" ló wí, ohùn rẹ̀ ròkè. "Àárẹ̀ kì í ṣe tiwa. Okun ọ̀tun ló ń bọ̀!"

"Okun ọ̀tun," ni Mr. Wendell wí. Ó yọwọ́ kúrò lára agogo.

Bí wọ́n ṣe ń padà sí Calgary, oòrùn wà lápá òsì wọn, ó ń wọlé sí wọn lójú. Nígbà tó yá, Mr. Wendell ní ọjọ́ Monday ni holiday. Ó ní bí ọkùnrin kan bíi tòun bá lọ lóru òní, ó máa di Tuesday kí ẹnikẹ́ni tó mọ̀. Ó sọ ọ́ wọ́ọ́rọ́wọ́, bí ẹni ń sọ̀rọ̀ ojú ọjọ́.

"God forbid bad thing!" Titus fi ọwọ́ gbá steering. "Mr. Wendell, ẹ má sọ bẹ́ẹ̀ mọ́! Ẹnu yín ní agbára o. Ẹ tún un sọ, ẹ ní èmi yóò yè."

Mr. Wendell kò tún un sọ. Ẹ̀ẹ̀mẹta nìyẹn tó ti ń bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ náà. Wọ́n dé iwájú ilé rẹ̀.

Ibẹ̀ ló ti ní kí Titus sọ̀ kalẹ̀. Truck kan wà nínú driveway, dúdú, ó mọ́ bíi pé wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbé e wá láti ilé ìtajà. Mr. Wendell yọ kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ lápò, ó fi lé e lọ́wọ́, pẹ̀lú ìwé tó ti fọwọ́ sí, orúkọ Titus Akínbọ̀dé nìkan ló kù tó fi báírò kọ sí i lójú rẹ̀.

"Tìẹ ni. Wá gbé e lọ́la. Má wá kó tó di ọ̀sán. Tí o bá kàn án tí kò sẹ́ni tó dáhùn, má wọlé. Nọ́ńbà àbúrò mi ní Red Deer wà lẹ́yìn ìwé yẹn, òun ni kó o pè. Ṣé o gbọ́? Má wọlé."

Etí Titus gbọ́ gbogbo rẹ̀, ṣùgbọ́n "tìẹ ni" nìkan ló wọ ọkàn rẹ̀. Kọ́kọ́rọ́! October kò tíì pé ìdajì! Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja lórí kọnkéré, nínú jákẹ́ẹ̀tì olówó ńlá náà, ó ń yí sọ́tùn-ún, ó ń yí sósì, omi ń bọ́ lójú rẹ̀. Obìnrin tó ń fa ajá kan kọjá lójú títì dúró wò wọ́n. Ajá náà ń fà á, ó fẹ́ wá sọ́dọ̀ Mr. Wendell, ó ń ké. Mr. Wendell kò wo ọ̀dọ̀ rẹ̀. Ó fọwọ́ kan Titus léjìká, ó wọlé, ó ti ilẹ̀kùn.

Lórí Deerfoot, ọ̀nà márosẹ̀ tó la Calgary kọjá, ni Titus ti pe ìyàwó rẹ̀. Ó ti ń kọrin kí ìyẹn tó gbé fóònù.

"Mummy Ọpẹ́! Ó ti ṣẹlẹ̀! Kọ́kọ́rọ́ ti dé!"

Adébísí ń múra iṣẹ́ alẹ́ lọ́wọ́. Ó kọ́kọ́ pariwo ayọ̀. Ó ní kó rọra sọ ọ́, kóun gbọ́ ọ yé. Titus rò ó láti ìbẹ̀rẹ̀, jákẹ́ẹ̀tì, ajá, agogo, truck. Bó ṣe ń sọ ọ́ ni ohùn Adébísí ń lọ sílẹ̀.

"Daddy Ọpẹ́, ẹ dúró ná. Ẹ ní kí ló ṣe ajá ọ̀hún?"

"Ó ti fún aládùúgbò. Láná."

"Ajá ọdún mélòó?"

"Mọ́kànlá. Kí ni ti ajá nínú ọ̀rọ̀ yìí?"

"Ó ní kí ẹ má wá kó tó di ọ̀sán. Kí ẹ má wọlé. Ó so táì." Ó gbé báàgì iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀. "Titus."

Ọdún méjìlá tí wọ́n ti fẹ́ra, kò pè é ní Titus rí.

"Titus, yí mọ́tò yẹn padà. Ọkùnrin yẹn fẹ́ pa ara ẹ̀."

"God for..."

"Pa ẹnu ẹ dé! Ojoojúmọ́ ni mò ń tọ́jú wọn. Ẹni tó bá ń pín ẹrù ẹ̀ báyìí, ó ń lọ ni. Ṣé ó sọ nǹkan kan? Ronú. Ṣé ó sọ ọ́ lẹ́nu?"

Gbogbo ọjọ́ náà yí padà níwájú Titus. Jìnnìjìnnì tó ti ń dè láti àárọ̀, kì í ṣe ti ère kankan. Ó gbìyànjú láti jà fún truck rẹ̀ díẹ̀, Ọlọ́run ló mọ̀ ọ́n, ó ní, "Pásítọ̀ sọ pé..." Kò parí rẹ̀. Ojú ara rẹ̀ tì í.

"Mo fẹ́ pe 911," ni Adébísí wí. "Ó lè tó ogún ìṣẹ́jú kí ọlọ́pàá tó débẹ̀. Ìwọ lo sún mọ́ ọn jù. Lọ kan ilẹ̀kùn yẹn, má dákẹ́. Tó bá ṣí i, bi í. Má ṣe àyíká. Má ní 'ṣé kò sí o'. Dárúkọ ikú gan-an. Ìbéèrè kì í pa wọ́n, Titus. Ìdákẹ́ ló ń pa wọ́n."

Ó jáde ní exit tó kàn, ó yí padà. Gbogbo iná tó dé ló pọ́n fún un. Ó ń gbàdúrà, ó tún ń dá àdúrà náà dúró, nítorí kò mọ irú èyí tó lè gbà mọ́. Ilẹ̀ ti ń ṣú. Ẹ̀rù mìíràn tún bà á: ọkùnrin aláwọ̀ dúdú, tó wọ jákẹ́ẹ̀tì onílé, tó mú kọ́kọ́rọ́ onílé dání, tó ń lu ilẹ̀kùn onílé, tí ọlọ́pàá sì ń bọ̀. Kò bọ́ jákẹ́ẹ̀tì náà. Kò ráyè.

Iná kan ṣoṣo ló ń tàn nínú ilé. Ó tẹ bẹ́ẹ̀lì, kò sóhùn. Ó kàn án, kò sóhùn. Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í fi àtẹ́lẹwọ́ méjèèjì gbá ilẹ̀kùn. "Mr. Wendell! Mr. Wendell! Èmi Titus ni! Níbi tí mo ti wá, a kì í dúpẹ́ lẹ́ẹ̀kan! Mo padà wá dúpẹ́ ni! Mi ò lọ o! Mr. Wendell!" Aládùúgbò kan ṣí fèrèsé. Ohùn Titus há, kò dẹwọ́. Láàárín ìyẹn, àyà rẹ̀ ń sọ fún un pé ó ti pẹ́ jù, pé ìgbà tóun ń yí lórí kọnkéré ni àǹfààní náà ti bọ́.

Ilẹ̀kùn ṣí.

Mr. Wendell ṣì so táì rẹ̀. Lẹ́yìn rẹ̀, páálí kún inú pálọ̀, wọ́n tò ó lẹ́sẹẹsẹ, orúkọ ènìyàn wà lára ọ̀kọ̀ọ̀kan. Ojú rẹ̀ kò bínú, kò sì dùn. Ó dà bí ojú ẹni tí wọ́n jí láàárín oorun.

"Mo sọ fún ẹ pé ọ̀la."

"Mo mọ̀, sir."

Titus la ẹnu. Ọ̀rọ̀ náà kò jáde. Ẹ̀yin tí ẹ mọ bí wọ́n ṣe tọ́ wa, ẹ mọ bó ṣe le tó kéèyàn dojú kọ àgbàlagbà kó dárúkọ ikú rẹ̀ fún un. Bí ìgbà tí ènìyàn bá gbá bàbá ara rẹ̀ létí ni. Ó rántí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta tí wọ́n fi ń sọ fún un pé ara Màmá kò fi bẹ́ẹ̀ le.

"Mr. Wendell, ṣé ẹ fẹ́ pa ara yín lálẹ́ yìí ni?"

Ọkùnrin náà di férémù ilẹ̀kùn mú.

"Bẹ́ẹ̀ ni," ló wí. Omi bẹ̀rẹ̀ sí í dà lójú rẹ̀, kò sì nù ún. "Mo fẹ́ sọ fún ẹ nínú tẹ́ḿpìlì. Mo fẹ́ sọ fún ẹ nídìí agogo. Mo fẹ́ sọ fún ẹ nínú van. Mo ní tí ẹnì kan bá lè kàn jẹ́ kí n sọ ọ́ tán. Ìgbà kọ̀ọ̀kan tí mo bá bẹ̀rẹ̀, o máa ń gbàdúrà fún mi."

Titus jókòó sórí àtẹ̀gùn ẹnu ọ̀nà, ó sún, ó fi àyè sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara rẹ̀.

"Ẹ jọ̀ọ́, sir, ẹ jókòó," ló wí. "Ẹ sọ ọ́ báyìí. Ẹ sọ ọ́ tán. Mi ò ní gbàdúrà."